Ọjọ́ Mẹ́rìnlá fún Àṣẹ Òkúta

Ọdún mẹ́ta gbáko ni Àpáta fi ń wá ìwé àṣẹ láti máa fọ́ òkúta lórí òkè tó háyà. Ọdún mẹ́ta! Ẹ̀yin náà ẹ gbọ́ o. Gbogbo ọjọ́ Ajé ló ń jókòó sórí bẹ́ǹṣì ẹnu ọ̀nà ọ́fíìsì àwọn tó ń buwọ́ lu ìwé kùsà. Ọ̀gá ibẹ̀ á gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá bí ẹni tí kò rí èèyàn. Bó bá wá dá a lóhùn rárá, "Fáìlì yín ṣì wà lórí tábìlì" ni. Tábìlì ta ni? Kò ní sọ.

Ohun tó ń dáyà já Àpáta ni pé àdéhùn rẹ̀ pẹ̀lú àwọn onílẹ̀ máa tán nígbà tí oṣù bá parí. Ẹlòmíì ti ń dúró de òkè náà. Àwọn onílẹ̀ sì ti là á mọ́lẹ̀ pé àwọn ò ní fi ọjọ́ kan ṣoṣo kún un, àfi tó bá mú ìwé àṣẹ wá.

Àbúrò rẹ̀ obìnrin, tó jẹ́ lọ́yà, ló ní ó tó gẹ́ẹ́.

"Bùrọ̀dá, ẹ má bẹ̀ wọ́n mọ́. Kóòtù lè pàṣẹ fún wọn pé kí wọ́n dáhùn."

Ó kọ ìwé ẹjọ́ náà bó ṣe máa ń kọ ọ́ fún gbogbo ẹni tí ọ́fíìsì bá ń dà láàmú.

Lọ́jọ́ ìdájọ́, ọ̀gá náà wọlé, ó ń yínmú. Ó ní iṣẹ́ ló pọ̀ lọ́wọ́ àwọn.

Adájọ́ wò ó látòkè délẹ̀. "Ṣé ọdún mẹ́ta lẹ fi ń ka ìwé ojú ewé méje?"

Ọkùnrin náà bẹ̀rẹ̀ sí í kálòlò. Ó dáa bẹ́ẹ̀, aláìláàánú! Díẹ̀ ló kù kí Àpáta pàtẹ́wọ́.

Adájọ́ ní dídákẹ́ tí wọ́n dákẹ́ lòdì sófin, kí wọ́n fún Àpáta lésì láàárín ọjọ́ mẹ́rìnlá, bí lọ́yà rẹ̀ ṣe béèrè. Ó dìde, ó wọlé lọ. Àbúrò fò mọ́ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lọ́rùn.

Ọrùn Àpáta le gbagidi.

"Ọjọ́ mélòó lo béèrè?"

"Mẹ́rìnlá. Iye tí gbogbo àwa lọ́yà máa ń béèrè nìyẹn."

"Ọjọ́ kelòó oṣù la wà lónìí?"

Ogúnjọ́ ni. "Yéè! Bùrọ̀dá, mo gbé!" Ó sáré tọ akọ̀wé kóòtù lọ. Akọ̀wé ní adájọ́ ò ní jókòó mọ́, ó di oṣù tó ń bọ̀.

Àpáta lé ọ̀gá náà bá nísàlẹ̀ àtẹ̀gùn, ó di apá ẹ̀wù rẹ̀ mú. "Ẹ dákun, ọ̀gá. Ẹ bá mi buwọ́ lù ú lọ́sẹ̀ yìí."

Ọ̀gá já apá rẹ̀ gbà. "Ẹ̀yin lẹ gbé mi wá síbí. Ọjọ́ mẹ́rìnlá ni kóòtù fún mi. Mi ò ní rú òfin."

Kò sì rú u. Lọ́jọ́ kẹrìnlá, ìwé àṣẹ dé ilé Àpáta, ó pé pérépéré, òǹtẹ̀ rẹ̀ ò tíì gbẹ. Ọjọ́ kẹta rèé tí ẹlòmíì tó ń dúró dè é ti fi wáyà yí òkè náà ká.