Aago Inú Lífítì Àwọn Ọ̀gá

Ẹ̀rù bà mí, mi ò ní purọ́ fún yín. Wọ́n ti lé bàbá àwọn ọmọ mi lẹ́nu iṣẹ́ ọlọ́dẹ lánàá, owó iṣẹ́ ìgbálẹ̀ mi nìkan ló kù tá a fi ń jẹun, èmi náà wá lọ kó sínú lífítì àwọn ọ̀gá! Òṣìṣẹ́ kékeré tí wọ́n bá ká mọ́bẹ̀, ilé ló ń lọ. Ṣùgbọ́n orúnkún ń ro mí, korobá omi sì wúwo. Mo ní ta ló máa rí mi?

Ilẹ̀kùn ò tíì padé tán tí ọ̀gá àgbà fúnra rẹ̀ fi wọlé.

Yéè! Mo lẹ̀ mọ́ ògiri. Ó wò mí, ó wo korobá. Kó tó lanu, lífítì mì gììrì, ó dúró, iná sì kú.

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ aago tí wọ́n fi ń pe ìrànlọ́wọ́. Ó tẹ̀ ẹ́ títí, ó tún fọwọ́ gbá a. À ń gbọ́ ọ tó ń dún nísàlẹ̀, kò sẹ́ni tó dáhùn. Ọkùnrin tó máa ń jágbe mọ́ gbogbo wa wá di ọwọ́ mi mú pinpin nínú òkùnkùn.

"Ta ló yẹ kó máa gbọ́ aago yìí gan-an?"

Kó má lọ rò pé mo ń fi òun ṣẹ̀sín. "Ọkọ mi ni, sà. Ẹ lé e lánàá. Ẹ ní aago tí kì í dún ò nílò ẹni tó ń jókòó tì í."

"Ẹni tó ń tún lífítì ṣe ńkọ́?"

"Ẹ ti kọ́kọ́ lé ìyẹn, sà."

Ọ̀bẹ tó mú ò lè gbẹ́ èkù ara rẹ̀, mo sọ ọ́ sínú. Ó ń gbàdúrà, èmi náà ń gbàdúrà, àmọ́ àdúrà wa ò jọra. Ikú ló ń bà á lẹ́rù. Ní tèmi, ohun tó ń bà mí lẹ́rù ni kí wọ́n ṣílẹ̀kùn kí wọ́n bá mi níbẹ̀.

Ká tó mọ̀, a gbọ́ ohùn lẹ́yìn ilẹ̀kùn: "Ẹ fọkàn balẹ̀, mo ti dé!"

Bàbá àwọn ọmọ mi ni! Ó wá dá yunifọ́ọ̀mù wọn padà, ó gbọ́ aago, kò sì lè ṣe bí ẹni tí kò gbọ́. Ó fi irin yọ ilẹ̀kùn, ó fà wá jáde. Inú mi dùn débi pé omi bọ́ lójú mi. Mo ní wọ́n á dá a padà sẹ́nu iṣẹ́ dandan.

Ọ̀gá fọwọ́ kan tún táì rẹ̀ ṣe, ó rẹ́rìn-ín sí ọkọ mi. "O ṣeun. Ṣé o rí i? A ò sanwó fún ọ lónìí, o sì ṣiṣẹ́ dáadáa. Máa wá bẹ́ẹ̀ lójoojúmọ́."

Ó wá yíjú sí mi. "Ìwọ, ta ló ní kó o wọ lífítì? Máa lọ sílé."

Ó ṣì di ọwọ́ mi mú nígbà tó ń sọ ọ́.