Adìyẹ Tó Sàba Lórí Afọnfèrè

Làmídì ọ̀rẹ́ mi, jókòó kí o gbọ́ àlá tí mo lá mọ́jú òní. Ará Japan kan ń fọn fèrè ọparun ní àgbàlá mi, ó da apẹ̀rẹ̀ borí dé ọrùn, bí àṣà àwọn afọnfèrè wọn. Àgbébọ̀ adìyẹ ìyàwó mi rò pé agọ̀ òun ni, ló bá kó wọ inú rẹ̀, ó yé ẹyin síbẹ̀, ó sì sàba lé ọkùnrin náà lórí.

Fèrè bá mi sọ Yorùbá: "Bàbá, orin mi ti tán."

Mo ní, "Tún un bẹ̀rẹ̀. Bó o bá dákẹ́, adìyẹ á ta jí, ẹyin á fọ́."

Ọkùnrin náà fọn ún títí òròmọdìyẹ mẹ́fà fi yọ, wọ́n sì tẹ̀ lé e lọ.

Láàárọ̀ tí mo rọ́ àlá náà fún ìyàwó mi, ó ní, "Ẹ wá ń wò ó tó fi kó wọn lọ?"

Bá mi dá ẹjọ́ yìí, Làmídì: ta ló ni àwọn òròmọdìyẹ náà, ẹni tó ladìyẹ ni, àbí ẹni tó lorí?