Èèpo Gúáfà Bàbá Khalid

Rashidat, aya Khalid, ló kọ́kọ́ sọ fún mi pé bàbá ọkọ òun ń kú lọ nítorí pé igi gúáfà ẹ̀yìnkùlé wọn ń bó.

Igi kéékèèké inú ọ̀rá ni mò ń tà lẹ́bàá títì Ìgàndò, ìdí nìyẹn tó fi wá pè mí. Ìdí gúáfà yẹn ni wọ́n ri ìwọ́ Bàbá Khalid mọ́ lọ́jọ́ tí wọ́n bí i, ó sì gbà pé ohun tó bá ṣe igi ti ṣe òun. Ọjọ́ kẹta rèé tó ti dùbúlẹ̀, tí kò jẹun. Ó ní tí èèpo yẹn bá ti bó tán, kí wọ́n yáa pe lèmọ́mù.

Mo bá a lórí ẹní. Ó na apá sí mi kí n wò ó bóyá tirẹ̀ náà ti ń bó. Ara rẹ̀ ń dán.

Mo lọ wo igi, mo padà wá ṣàlàyé pé gbogbo gúáfà ló ń bó bẹ́ẹ̀. Èèpo àtijọ́ á ṣí kúrò, abẹ́ rẹ̀ á máa dán. Kò dà bíi mángòrò tí èèpo rẹ̀ là tí oje ń ṣàn. Ìyẹn ni àìsàn. Ewé nìkan ló ní ìyọnu: kòkòrò funfun bí ìyẹ̀fun kún abẹ́ wọn, omi dídùn tí wọ́n ń tọ̀ sì ti mú kí òkè ewé dúdú bí ìdí ìkòkò. Mo ní kí wọ́n fi omi ọṣẹ fọ̀ ọ́.

"Ìyá Ọmọ́wùnmí, gúáfà tiyín ló ń bó lásán," Bàbá Khalid ní. "Tèmi mọ̀ mí."

Wọ́n fọ igi náà. Ó ní kí wọ́n fi omi tó ṣẹ́kù wẹ òun náà. Wọ́n wẹ̀ ẹ́, abẹ́ apá ni wọ́n tilẹ̀ fọ̀ jù, torí mo ti sọ pé abẹ́ ewé ni kòkòrò ń sá sí. Síbẹ̀, kò jẹun.

Lọ́jọ́ kẹrin, Àìṣát, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, gbé ẹ̀kọ gbígbóná dé láti Àgbàdo.

"Sàkàrìyáù, ta ló fún ọ ní gúáfà? Èmi ni mo gbé àtùpà dání nígbà tí wọ́n ń ri ìwọ́ rẹ. Ìdí kajú ni. Kajú tó o fọwọ́ ara rẹ gé kó o lè kọ́ ṣọ́ọ̀bù."

Bàbá Khalid béèrè pé ọdún mélòó nìyẹn.

"Mẹ́sàn-án. Òkú ọdún mẹ́sàn-án, dìde jàre."

Bàbá Khalid dìde jókòó. Ó fọwọ́ kan àyà rẹ̀ wò, ó gba ẹ̀kọ, ó mu ún tán. Ó wá béèrè ẹni tó ni gúáfà.

"Èmi ni," Àìṣát dáhùn. Ó yíjú sí fèrèsé, èèpo kan sì já bọ́ lára igi níta. Ó tú gèlè, ó rọra dùbúlẹ̀ sórí ẹní tí àbúrò rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ dìde kúrò, ó na apá sí mi.

Mo tún bẹ̀rẹ̀ àlàyé látìbẹ̀rẹ̀, pé gbogbo gúáfà ló ń bó.

Bàbá Khalid ti ń wọ bàtà. Ó ní òun fẹ́ dé ibùdókọ̀ Pleasure, ó ti pẹ́ tí òun ti rí àwọn ọ̀rẹ́ òun. Ó sọ fún Rashidat pé bí ara ẹ̀gbọ́n òun kò bá yá, kí wọ́n pe lèmọ́mù. Ó gba ẹ̀gbẹ́ igi náà kọjá, kò wẹ̀yìn.