Ìrìn Tí Ciril Kì Í Rìn Nílé

Àwọn àgbà ní òjòwú kò lẹ́ran láyà. Bí ó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀ ni, a jẹ́ pé Jerica, ìyàwó Ciril tó ń gbin àjàrà lórí òkè Vinski Dol, kì í ṣe òjòwú rárá, nítorí obìnrin náà sanra dáadáa. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká fi òwe sílẹ̀ ná. Ní àárọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan, nígbà tí yìnyín ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yọ́ lórí òrùlé, Jerica dúró sídìí tábìlì ìdáná, ó ń po ìyẹ̀fun potica, kéèkì tí wọ́n máa ń ká àsálà àti oyin sínú rẹ̀. Àjíǹde tàbí Kérésìmesì ni wọ́n ń yan án. Àjíǹde kò tíì dé, Kérésìmesì sì ti lọ tipẹ́. Ọkọ rẹ̀ ló ní kó yan án, kí àwọn lè gbé e lọ fún ọmọbìnrin kan.

"Fún ta ni?" ni Jerica béèrè, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó gbọ́ ọ yékéyéké.

"Fún Tjaša. Ọmọ yẹn ń ṣe wàhálà lórí mi."

"Èmi náà ń ṣe wàhálà lórí rẹ láti ìgbà tí bàbá mi ti fà mí lé ọ lọ́wọ́. Ta ló yan potica fún mi rí?"

"Ìwọ lo mọ̀ ọ́n yan," ni Ciril wí, ó sì jókòó sórí àga, ó ń fi ọ̀dà dúdú pa bàtà rẹ̀. Ọkùnrin tí kì í pa bàtà lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì!

Jerica lu ìyẹ̀fun náà bí ẹni pé ó ṣẹ̀ ẹ́.

Ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti ń dun ún nìyí. Kó tó fẹ́ ọkùnrin yìí, ìrìn rẹ̀ ló kọ́kọ́ fẹ́. Láti ojú fèrèsé ilé bàbá rẹ̀ ló ti máa ń wo àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin bí wọ́n ṣe ń ru agbọ̀n àjàrà sọ̀kalẹ̀ lórí òkè. Àwọn yòókù á tẹ̀, wọ́n á máa fi ẹsẹ̀ wá ilẹ̀ bí afọ́jú. Ciril á máa bọ̀ bí ẹni pé ọ̀nà ló ń wá pàdé rẹ̀. Lẹ́yìn ìsìn ọjọ́ Ìsinmi, àwọn méjèèjì á gba ẹ̀yìn òkè lọ sílé, wọ́n á máa rìn, wọ́n á máa sọ̀rọ̀, títí ìtẹ̀lẹ̀ bàtà á fi lu. Bí wọ́n ṣe fẹ́ra nìyẹn.

Àrùn tó wá bá a jẹ́ ti ọpọlọ, Pakínsìn ni àwọn dókítà ń pè é. Ó kọ́kọ́ gbọn ọwọ́ òsì rẹ̀, ó wá sọ̀kalẹ̀ sí ẹsẹ̀. Ciril á máa lọ jẹ́jẹ́, lójijì ẹsẹ̀ rẹ̀ á lẹ̀ mọ́lẹ̀ bí ẹyẹ tó bà lé àtè, òkè ara rẹ̀ á sì máa lọ. Nígbà òtútù tó kọjá, ó ti ṣubú lẹ́nu ọ̀nà ilé ìdáná. Ó tún ṣubú níwájú ṣọ́ọ̀ṣì, ẹ̀jẹ̀ imú rẹ̀ pọ́n sórí yìnyín lójú gbogbo ìjọ. Ní ilé ìwòsàn ńlá tó wà nílùú, yàrá kan wà tí wọ́n ti ń kọ́ irú wọn ní ìrìn lákọ̀tun. Ibùsùn ibẹ̀ kò pọ̀. Ẹni tí ẹ̀rọ bá wọn ìrìn rẹ̀ tó burú ni wọ́n ń gbà. Ibùsùn yìí ni Jerica ń wá fún ọkọ rẹ̀ lójú méjèèjì, torí ó mọ̀ pé ìṣubú tó bá tún tẹ̀lé e lè ṣẹ́ ẹ ní ìbàdí.

Tjaša, òṣìṣẹ́ ibẹ̀ tó ń fi ẹ̀rọ wọn ìrìn, wọn ọ́n nígbà àkọ́kọ́, Ciril rìn bí ọkọ ìyàwó. Wọ́n wọn ọ́n nígbà kejì, ó rìn ju ti àkọ́kọ́ lọ. Dókítà Hribernik, ọkùnrin gíga kan tó máa ń sọ̀rọ̀ bí ẹni tó gbé omi kaná sílé, wo Jerica láti òkè dé ilẹ̀.

"Ìyáàfin, ìrìn yìí ò burú o."

"Ó ń ṣubú nílé, Dókítà."

"Ẹ̀rọ ò rí i."

"A jẹ́ pé èmi ni mò ń purọ́?"

"Mi ò sọ bẹ́ẹ̀."

"Ẹ ò sọ ọ́, ẹ kàn rò ó ni."

Dókítà ní àwọn á wọn ọ́n lẹ́ẹ̀kan sí i, bó bá tún rí bákan náà, kí wọ́n máa lọ sílé, kí àwọn gba ẹlòmíràn. Ọjọ́ Ìṣẹ́gun yìí ni ẹ̀ẹ̀kan sí i náà.

Jerica ló wa mọ́tò. Potica wà lẹ́yìn, ó ń rùn dídùn, òórùn rẹ̀ sì ń ta á nímú bí ata.

"O ń fún un ní ìrìn," ni ó wí, kò wo ọkọ rẹ̀. "Èmi, ìṣubú lò ń fún mi."

"Jerica, kì í ṣe nǹkan tí mò ń bù fún èèyàn."

"Kí ló dé tó jẹ́ pé lọ́dọ̀ rẹ̀ nìkan ló ti ń yọjú?"

"Mi ò mọ̀."

"O mọ̀. Arúgbó yìí, o mọ̀."

Ciril wo ojú fèrèsé títí wọ́n fi dé ìlú.

Tjaša ń dúró dè wọ́n ní yàrá ìwọ̀n. Obìnrin yìí ti lé ní ọgbọ̀n ọdún díẹ̀, irun rẹ̀ pọ́n bí ewé ìgbà ìkórè àjàrà, ẹ̀rín kì í sì í jìnnà sí ẹnu rẹ̀. Ó gba potica, ó pariwo, ó gbóòórùn rẹ̀, ó ní, "Ìyáàfin Jerica, ẹ fẹ́ ba ìbàdí mi jẹ́!" Jerica wo ìbàdí náà. Ó rí i pé kò tíì bàjẹ́ rárá.

Ciril bọ́ ṣòkòtò gígùn, ó ku péńpé. Tjaša kúnlẹ̀ níwájú rẹ̀, ó ń lẹ àwọn bọ́ọ̀lù kékeré kan mọ́ ọn lára, bọ́ọ̀lù tí ń kọ mànà bí ojú ológbò nínú iná. Ó lẹ̀ ẹ́ mọ́ kókósẹ̀, ó lẹ̀ ẹ́ mọ́ orúnkún, ó lẹ̀ ẹ́ mọ́ egungun ìbàdí. Òun ni àwọn kámẹ́rà tó wà lára ògiri yóò fi máa rí i.

"Ọwọ́ rẹ tutù bí ẹja," ni Ciril wí.

"Ẹ fara dà á, Bàbá Ciril. Tí mo bá ṣe tán, ẹ máa dà bí igi Kérésìmesì."

"Igi gbígbẹ."

"Igi gbígbẹ náà ń jó dáadáa o!"

Àwọn méjèèjì rẹ́rìn-ín. Jerica lọ jókòó sẹ́yìn gíláàsì, níbi tí wọ́n ń fi àwọn tó bá sin aláìsàn wá sí. Òfin ibẹ̀ ni pé kí wọ́n má fọhùn. Bí ìwọ̀n bá ti bẹ̀rẹ̀, gbogbo ilé á dákẹ́ bí ìgbà tí àlùfáà bá gbé ara Olúwa sókè.

Ciril bẹ̀rẹ̀ sí í rìn. Níwájú Jerica ni ojú ẹ̀rọ wà, lórí rẹ̀ ni ọkùnrin kan ti ń rìn tí wọ́n fi ìlà ìmọ́lẹ̀ nìkan ṣe. Kò ní ojú, kò ní ewú, kò ní ìhunjọ. Itan nìyí, ojúgun nìyí, ẹsẹ̀ nìyí. Ọkùnrin ìmọ́lẹ̀ náà ń bọ̀ bí ẹni pé ọ̀nà ló ń wá pàdé rẹ̀.

Ọkàn Jerica fò sókè. Òun ni! Ọmọkùnrin tó ru agbọ̀n àjàrà ni! Kò kú, kò ṣàìsàn. Inú yàrá yìí ló sá pamọ́ sí, ó ń rìn fún ọmọ ọlọ́mọ, nígbà tí òun tí òun ni ín ń nu ẹ̀jẹ̀ imú lórí yìnyín. Bí owú bá gun èèyàn, kì í kan ilẹ̀kùn. Jerica dìde, ó ṣílẹ̀kùn gíláàsì gbàgà, ó bọ́ sórí ilẹ̀ ìwọ̀n, ó ń bá ọkọ rẹ̀ rìn lẹ́gbẹ̀ẹ́.

"Nílé ńkọ́, Ciril? Ṣé ẹ̀gún wà nílẹ̀ ilé wa ni? Ta lò ń rìn fún? Dá mi lóhùn!"

Ciril yí orí sí i. Ó ya ẹnu. "Jerica, mo..."

Ẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì lẹ̀ mọ́lẹ̀. Orúnkún rẹ̀ ń gbọ̀n jẹ̀jẹ̀jẹ̀, òkè ara rẹ̀ ń lọ. Jerica di apá ọ̀tún mú, Tjaša sáré di tòsì, wọ́n sì gbé e jókòó.

Jerica ń retí kí wọ́n lé òun jáde. Tjaša wo ojú ẹ̀rọ, ó tún wo Jerica, ojú rẹ̀ pọ́n.

"Ìyáàfin Jerica, ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún un ṣe."

"Kí n tún kí ni ṣe?"

"Kí ẹ tún bá wọn jà."

Jerica rò pé ó ń fi òun ṣe yẹ̀yẹ́ ni. Ṣùgbọ́n Tjaša ti gbé Ciril dìde, ó di àmùrè kan mọ́ ọn nídìí, ó mú àmùrè náà dání kó má baà ṣubú. Òun fúnra rẹ̀ ló kọ́kọ́ bá a sọ̀rọ̀. Ó bi í nípa àjàrà, ó bi í nípa òjò. Ciril ń rìn lọ, ó ń wí pé "bẹ́ẹ̀ ni", ó ń wí pé "ó dáa", ìrìn rẹ̀ kò yẹ̀. Tjaša wá ṣẹ́jú sí Jerica.

Ìjà kò tètè wá sí Jerica lẹ́nu mọ́. Ohun tó rí sọ kò ju pé, "Ciril, ṣé o ti ilẹ̀kùn ilé adìyẹ?"

Ciril dúró gbagidi. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ti lẹ̀.

Wọ́n ránṣẹ́ pe Dókítà Hribernik. Ó wo ọkùnrin ìmọ́lẹ̀ náà bó ṣe ń lọ, bó ṣe dúró, bó ṣe ń gbọ̀n. Fún ìgbà àkọ́kọ́, kò kánjú.

"Ẹ̀rọ ò purọ́," ni ó wí, "àwa ni a ò mọ ohun tí à bá bi í. Ẹ forí jì wá, ìyáàfin."

Tjaša ló là á yé wọn. Ó ní ẹsẹ̀ ẹni tí ara rẹ̀ dá máa ń dá rìn fúnra rẹ̀. Àrùn yìí ti gba ìyẹn lọ́wọ́ Ciril. Ọkàn ló fi ń rìn báyìí, bí ẹni tó ru omi tó kún dé ẹnu. Níbí, gbogbo èèyàn ń dákẹ́, kò sí ohun tó ń gba ọkàn rẹ̀. "Nígbà tí wọ́n ń ṣubú nílé, ṣé ẹnì kan ń bá wọn sọ̀rọ̀?"

Jerica wolẹ̀. Lẹ́nu ọ̀nà ilé ìdáná, òun ló ń pariwo pé ọbẹ̀ ń tutù. Níwájú ṣọ́ọ̀ṣì, òun ló ń bi í bóyá ó rí fìlà tuntun tí ìyàwó alágogo ṣọ́ọ̀ṣì dé.

"A jẹ́ pé ẹnu mi ló ń gbé e ṣubú."

"Ọmọ yìí ń sọ̀rọ̀," ni Ciril wí láti orí àga, "mo sì ń dá a lóhùn, ṣùgbọ́n mi ò gbọ́ nǹkan kan. Tìẹ ni mo máa ń gbọ́."

Ọ̀rọ̀ náà wọ Jerica lára bí ọtí gbígbóná. Ṣùgbọ́n ọkàn òjòwú kò ṣeé yó.

"Ẹlẹ́nu dídùn! Ṣé irú rẹ̀ lò ń sọ fún un nígbà tí mi ò sí ńbẹ̀?"

Tjaša bú sẹ́rìn-ín, dókítà náà rẹ́rìn-ín.

"Ibùsùn kan ṣí sílẹ̀," ni dókítà wí. "Wọ́n lè dúró láti òní. Ó máa gbà wọ́n tó ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Tjaša ló máa ń bá wọn rìn láràárọ̀. Ṣé ẹ gbà?"

Ẹni tó bẹ̀bẹ̀ òjò kì í bínú sí ẹrẹ̀, bẹ́ẹ̀ làwọn èèyàn ń wí. Jerica bínú sí i. Ohun tó ń wá láti ọjọ́ yìí ti dé, ọwọ́ obìnrin yìí ni yóò sì ti gbà á. Láràárọ̀! Ọ̀sẹ̀ mélòó kan! Ó wo àwọn ìka Tjaša tí ń ṣí bọ́ọ̀lù kúrò lára ọkọ òun lọ́kọ̀ọ̀kan. Nǹkan kan nínú rẹ̀ ní, mú un lọ sílé. Ìwọ sáà dákẹ́. Bó o bá ti dákẹ́, yóò rìn fún ọ. Ṣùgbọ́n Jerica mọ ara rẹ̀. Níbi ìsìnkú ìyá rẹ̀ gan-an, kò lè dákẹ́ dé ẹnu ibojì. Bó bá mú un lọ, owú rẹ̀ á rọlẹ̀, ṣùgbọ́n ọkọ rẹ̀ á tún ṣubú.

"Kó dúró," ni ó wí. "Ṣùgbọ́n kó máa wọ ṣòkòtò gígùn."

Ciril sìn ín dé ibi àtẹ̀gùn. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ náà gùn, ó mọ́lẹ̀ kedere. Jerica fi eyín di ètè mú. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ìrìn náà ń bọ̀ gẹ́lẹ́ bó ṣe rí lẹ́yìn òkè, ó ń gbọ́ ọ, kò gbọdọ̀ sọ pé òun gbọ́ ọ.

Ní àárín ọ̀dẹ̀dẹ̀, Ciril dúró. Jerica fò mọ́ ọn, ó dì í mú.

"Fi mí sílẹ̀," ni Ciril wí. "Ẹsẹ̀ kọ́ ló mú mi. Mo dúró kí n lè gbọ́ ọ ni. Sọ ọ́ jáde, kó tó pa ọ́."

Jerica wo ẹ̀yìn, ó tún wo ọkọ rẹ̀.

"Bó o bá wá mọ̀ ọ́n rìn tán, ọ̀dọ̀ ta ni wàá kọ́kọ́ rìn lọ?"

Ciril rẹ́rìn-ín. Ó ti gbé ẹsẹ̀ kan kó tó ya ẹnu láti fèsì. Jerica yára fi ọwọ́ bò ó lẹ́nu.

"Gbé ìkejì ná," ni ó wí.