Ẹsẹ̀ Tó Ṣì Wà ní Arden Hill

Ìjọba ò bi Orrin Tjaden léèrè kí wọ́n tó gbé e kúrò ní kọ́lẹ́ẹ̀jì Arden Hill. Ọdún 1943 ni, ogun gbóná, àwọn ọ̀dọ́ tó ti forúkọ sílẹ̀ fún iṣẹ́ ológun ṣì ń gbé inú kọ́lẹ́ẹ̀jì, wọ́n ń wọ aṣọ ológun lọ sí kíláàsì. Ibi tí ọ̀gá bá tọ́ka sí ni wọ́n ń lọ. Sáà bọ́ọ̀lù tí Orrin ń gbá fún Arden Hill ti kọjá ìdajì nígbà tí wọ́n ní kó palẹ̀ ẹrù mọ́, kó máa lọ sí Keswater. Keswater yìí kan náà ni Arden Hill ti ń bá fa wàhálà lórí pápá láti ayé bàbá wọn. Ó dà bí ìgbà tí wọ́n bá ní kí ọmọ ìyálé lọ máa sùn ní yàrá orogún ìyá rẹ̀.

Balógun ikọ̀ Keswater ni Lyle Macek, ọmọ àgbẹ̀ alágbàdo, ọrùn rẹ̀ ki, ẹnu rẹ̀ ò sì ní ìjánu. Nídìí tábìlì oúnjẹ ló ti kọ́kọ́ kí Orrin.

"Àlejò, ṣé o ti jẹun? Ẹ bu ànàmọ́ sí i fún un o, kó má lọ sọ nílé pé ebi la fi pa òun."

"Mo ti jẹun. Ànàmọ́ yín ò dùn."

"Tiyín ló wá dùn? Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ò nà wá rí láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí mi?"

Wọ́n rẹ́rìn-ín, Orrin náà rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ẹ̀rín náà ò dénú. Tí oṣù kejìlá bá dé, gbogbo àwọn tó wà nídìí tábìlì yẹn ni yóò wọ ọkọ̀ ojú irin kan náà lọ sí ibùdó àwọn ọmọ ogun Marine, kí wọ́n tó sọdá òkun lọ kojú àwọn ará Japan. Ibòmíràn ni wọ́n ń rán àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ti Arden Hill lọ. Àwọn ará Keswater yìí ni yóò wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ nígbà tí ìbọn bá ń dún, ẹni téèyàn bá sì ń fura sí, èèyàn kì í kọ ẹ̀yìn sí i. Ohun tí Orrin ń wá kò ju kí Macek gbà pé òun ti di ọ̀kan nínú wọn.

Ó sì ṣiṣẹ́ fún un. Eyín rẹ̀ kan kán nítorí Keswater, kò sì kúrò lórí pápá. Macek ní ó ṣe dáadáa, ó gbá a léjìká.

Arden Hill ló kù tí wọn yóò bá gbá kẹ́yìn. Nínú irú bọ́ọ̀lù tiwọn yìí, ọwọ́ ni wọ́n fi ń gbé e sáré, ẹnì kan ló sì ń pe nọ́ńbà kí wọ́n tó gbéra. Nọ́ńbà yẹn ló ń sọ ibi tí kálukú máa gbà àti ẹni tó máa dínà fún.

"Sọ ìpè wọn fún wa," Macek wí.

"Wọ́n á ti yí i padà. Èmi tí mo wà níbí, ṣé wọ́n á fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀ ni?"

"Tí wọn ò bá wá yí i ńkọ́?"

Ostrem dá sí i. Òun ni akọ́nimọ̀ọ́gbá wọn, arúgbó tó ti fẹ̀yìn tì, tí wọ́n lọ bẹ̀ wá sílé nígbà tí ọ̀dọ́ tó wà níbẹ̀ lọ sógun. "Ẹ fi í sílẹ̀. A ò fi òfófó gbá bọ́ọ̀lù níbí."

Lọ́jọ́ eré náà, lóòótọ́ ni Arden Hill yí ìpè wọn padà. Duane Fitch, tí òun àti Orrin jọ gbé yàrá kan náà rí, ló ń pe nọ́ńbà fún Arden Hill, Orrin ò sì mọ ọ̀kankan nínú wọn. Òjò tútù ń rọ̀, Keswater ló ń borí, eré ti fẹ́ parí. Arden Hill sún mọ́ ìlà òpin Keswater; àmì mẹ́fà ni fún ẹni tó bá gbé bọ́ọ̀lù kọjá ibẹ̀. Ó ti rẹ Fitch, ẹ̀jẹ̀ wà létè rẹ̀, ahọ́n rẹ̀ bá ṣìnà padà sílé.

"Méje, méjì, méje."

Ẹsẹ̀ Orrin ò dúró gbàṣẹ. Ní gbogbo ọ̀sán tó fi kọ́ ọ ní Arden Hill, tí ìpè yẹn bá ti jáde, yóò yí wọnú, yóò tẹ èjìká sílẹ̀, yóò sì gbé ẹni tó bá kọ́kọ́ yọ dànù. Macek ló kọ́kọ́ yọ. Orrin gbé e ṣubú sínú ẹrẹ̀, Fitch gba ẹ̀gbẹ́ wọn kọjá, ó gbé bọ́ọ̀lù ré kọjá ìlà. Ìgbà tí Orrin rí àwọ̀ jẹ́sì tó wà lábẹ́ rẹ̀ ló tó mọ ohun tó ṣe. Àmì kan péré ni wọ́n fi na Keswater.

Wọ́n wọ yàrá tí wọ́n ti ń bọ́ṣọ. Ostrem ló kọ́kọ́ lanu.

"Ilẹ̀ yẹn yọ̀. O yọ̀ ni, àbí, ọmọ mi?"

Arúgbó náà ti ṣílẹ̀kùn fún un. "Bẹ́ẹ̀ ni" lásán ti tó, gbogbo wọn ló sì ń retí rẹ̀. Ojú ń ti Orrin débi pé kò lè tú okùn bàtà rẹ̀.

"Mi ò yọ̀, sà. Fitch ló pe ìpè wa àtijọ́. Ẹsẹ̀ mi ti lọ kí n tó mọ̀."

"Ìpè ta ni?" Macek bi í.

"Tiwọn."

"'Ìpè wa' lo wí. Tí ẹnì kan bá wá pariwo nínú igbó ojú ogun lọ́hùn-ún ńkọ́, ibo lẹsẹ̀ ẹ máa gbà?"

"Mi ò mọ̀."

Ọjọ́ Ajé, wọ́n gba jẹ́sì lọ́wọ́ gbogbo wọn. Sáà bọ́ọ̀lù ti parí. Lọ́sàn-án ọjọ́ náà, Orrin wà lórí ibùsùn rẹ̀ nígbà tí Macek ṣílẹ̀kùn wọlé, tó ní kó wọ bàtà. Orrin rò pé ìjà ni. Ó wọ̀ ọ́, ó tẹ̀ lé e.

Yìnyín ń bọ́ lórí pápá. Àwọn yòókù ti tò sílẹ̀ nínú aṣọ ológun, kálukú nípò rẹ̀, àyè ẹnì kan ló ṣófo. Macek tì í síbẹ̀, ó pe nọ́ńbà Keswater. Orrin pẹ́ kó tó gbéra.

"Padà."

Wọ́n tún un ṣe, ó tún pẹ́. Wọ́n tún un ṣe. Kò sẹ́ni tó béèrè ikọ̀ wo ni wọ́n ń gbaradì fún. Nígbà tí ilẹ̀ ń ṣú, tí ọwọ́ ti kú tán, ẹnì kan ní ṣé kò tó báyìí.

"Kò tó," Macek wí. Orrin ló kọjú sí. "Iwájú ẹ ni màá wà lọ́hùn-ún. Mi ò fẹ́ kú nítorí ẹsẹ̀ ẹ."

Orrin ní òun náà ò fẹ́ bẹ́ẹ̀. Ó padà sí ipò rẹ̀, wọ́n sì tún nọ́ńbà náà pè.