Ìwé Ilẹ̀ Tí Ìyá Aránṣọ Gé

Kí ẹnikẹ́ni tó rí ẹnu là, Ìyá Aránṣọ ti dìde láàárín kíláàsì, ó ti ka ẹ̀ṣẹ̀ ara rẹ̀ sílẹ̀ fún gbogbo ayé.

"Ẹ má wulẹ̀ da ara yín láàmú. Èmi ni mo gé e. Kì í ṣe eku, kì í ṣe òjò, kì í ṣe olè. Àlùmọ́gàjí ọwọ́ mi yìí ni mo fi gé ìwé ilẹ̀ wa wẹ́lẹwẹ̀lẹ. Lọ́jọ́ tí mo gé e gan-an, orin ni mo ń kọ."

Ẹ̀rín bú yẹ̀ẹ́. Òun náà bá wọn rín in, ó sì tún fi ìdí lé bẹ́ńṣì àwọn ọmọ iléèwé. Bẹ́ńṣì ké kíẹ́ẹ́.

"Fara dà á, jàre," ó sọ fún bẹ́ńṣì. "Ọkọ méjì ló ti fara dà á kó tó kàn ọ́."

Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ tó kó wọn jọ kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹ̀rín. Ọjọ́ kẹta rèé tí àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba ti tẹ́ tábìlì sí iléèwé náà, tí wọ́n ń kọ ilẹ̀ àdúgbò sílẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, pẹ̀lú orúkọ ẹni tó ni ín. Bó bá di aago mẹ́rin ọjọ́ náà, ó parí. Ẹni tí orúkọ rẹ̀ kò bá wọ ìwé wọn, bí wọ́n bá lé e lọ́la, kò ní ibi tí yóò ti ké gbàjarè. Yàrá méjì àti ṣọ́ọ̀bù iwájú ilé ni Ìyá Aránṣọ ní. Ṣọ́ọ̀bù ni ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ̀ wà. Inú yàrá kejì ni ọmọ rẹ̀ obìnrin àti ọmọ-ọmọ mẹ́ta ń sùn, ẹsẹ̀ ẹnìkan lórí ikùn ẹnìkejì.

Òun àti ọkọ rẹ̀, gbẹ́nàgbẹ́nà kan tí kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀, ni wọ́n jọ ra ilẹ̀ náà. Gbẹ́nàgbẹ́nà ti kú láti ọdún mọ́kànlá. Nígbà ayé rẹ̀, ta ló béèrè ìwé? Ìwé ń bẹ nísàlẹ̀ àpótí, ó le bí awọ. Ìyá Aránṣọ kò mọ̀wé kà. Ní òjò ọdún kan tí iṣẹ́ aṣọ iléèwé wọlé rẹpẹtẹ, ó ń wá ohun tó le tí yóò fi ṣe pátánì, ìyẹn ìwé tí aránṣọ máa ń tẹ́ lé aṣọ kó tó gé e. Ló bá gé kọ́là kan, apá kan, àpò kan. Kí a má purọ́, kọ́là yẹn kì í wọ́ rárá.

Akọ̀wé ilẹ̀, ọmọbìnrin kan láàárín àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba náà, gbé awò ojú rẹ̀ wọ̀. "Màmá, ẹ kó wọn wá."

Ìyá Aránṣọ tú wọn jáde nínú ọ̀rá, ó fi pínnì gún wọn mọ́ aṣọ kan lórí tábìlì bí ẹni ń to egungun ẹja padà. Orúkọ ẹni tó ta ilẹ̀ wà lára kọ́là. Ààlà ilẹ̀, láti ojú kànga dé ojú àgbàrá, wà lára apá, orúkọ gbẹ́nàgbẹ́nà sì tẹ̀ lé e. Lẹ́yìn ìyẹn, ihò. Igun ìsàlẹ̀ ṣófo, ó rí gẹ́lẹ́ bí àpò aṣọ.

"Kí ló wà níbí, Màmá?"

"Èmi ni mo wà níbẹ̀. Orúkọ mi àti ìka mi. Àwa méjèèjì la rà á."

Ẹnìkan wúkọ́ lẹ́yìn. Àbúrò ọkọ rẹ̀ ni. Láti ọjọ́ tí Ìyá Aránṣọ ti wọlé ọkọ ló ti ń pè é ní Eyínfúnjowó, nítorí eyín rẹ̀ tó funfun.

"Ẹ ti fojú yín rí i," Eyínfúnjowó wí. "Orúkọ ẹ̀gbọ́n mi ló wà níbẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi ò bímọ. Ọmọ tí ìyàwó wa ní, ilé ọkọ àkọ́kọ́ ló ti bí i. A ò sọ pé a máa lé wọn o."

"Ẹ ò lé wa," ni Ìyá Aránṣọ dáhùn, "ṣùgbọ́n ẹni tó fẹ́ kọ́ ilé epo ti wá fi téèpù wọn ojú ṣọ́ọ̀bù mi. Èmi ni mo tún bá a di téèpù mú. Mo rò pé aṣọ ló fẹ́ rán fún ilé!"

Wọ́n tún rẹ́rìn-ín. Akọ̀wé ilẹ̀ kò rín. "Màmá, bí orúkọ yín bá wà lórí ìwé yìí, tiyín ni. Bí mi ò bá rí i, ẹbí ọkọ yín ni màá kọ. Mi ò lè kọ ohun tí mi ò rí."

"Ó wà! Mo fún ọmọ iṣẹ́ mi ní pátánì àpò náà lọ́jọ́ tó gbòmìnira. Ẹ dúró dè mí."

Ó rìn, ó sáré, orúnkún rẹ̀ ń bú u. Nígbà tí ó dé ṣọ́ọ̀bù ọmọ iṣẹ́ rẹ̀, èémí ò délẹ̀ mọ́. Ọmọbìnrin náà fi áyọ́ọ̀nù sílẹ̀, ó kúnlẹ̀.

"Ọ̀gá mi, ẹ káàbọ̀. Ṣé kò sí o?"

"Pátánì àpò tí mo fún ọ dà?"

"Háà. Ṣebí ẹ̀yin lẹ ní kí wọ́n wá gbà á? Eyínfúnjowó ni. Lánàá. Wọ́n ní orúnkún ń dùn yín ni ẹ fi rán àwọn. Mo tiẹ̀ bá wọn fi ọ̀rá wé e."

Ìyá Aránṣọ wá ìjókòó. Lọ́jọ́ Ajé, nídìí ẹ̀rọ omi, ó ti fi ìtàn pátánì yìí pa gbogbo èèyàn lẹ́rìn-ín, títí kan ibi tí àpò wà. Ẹni tó ń fọ ẹsẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn, tí eyín rẹ̀ ń dán, tó rẹ́rìn-ín ju gbogbo wọn lọ, ta ni? Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, ní í kó ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́. Ó wá ẹ̀rín nínú ikùn rẹ̀ tó gbòòrò, kò rí ẹyọ kan.

"Dìde," ó wí. "Wá sọ ọ́ lójú rẹ̀."

Aago mẹ́rin ku ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ni wọ́n padà dé. Ọmọ iṣẹ́ sọ tẹnu rẹ̀.

"Ó fún mi ní pépà kan lóòótọ́," Eyínfúnjowó wí. "Mo ti sọ ọ́ nù."

"Kí ni wọ́n kọ sí i, Bàbá?" akọ̀wé ilẹ̀ béèrè.

"Mi ò kà á."

Bẹ́ẹ̀ òun ló ń ka lẹ́tà fún gbogbo àdúgbò.

Akọ̀wé ilẹ̀ gbé bírò sókè. "Bí ẹnìkan bá wà níbẹ̀ lọ́jọ́ tí Màmá tẹ̀ka, tó sì jẹ́rìí, mo lè kọ ọ́. Ṣé ẹni bẹ́ẹ̀ ṣì wà láyé?"

Ẹni tó ta ilẹ̀ ti kú. Gbẹ́nàgbẹ́nà ti kú. Ìyá Aránṣọ rọra rìn lọ síwájú àbúrò ọkọ rẹ̀, ó sì rẹ ohùn tí gbogbo àdúgbò mọ̀ sílẹ̀.

"Eyínfúnjowó, ọkọ mi. Ọjọ́ náà, ọwọ́ mi ń gbọ̀n. Aṣọ tuntun ló wà lọ́rùn mi. Ẹnìkan di ọwọ́ mi mú kí íńkì má bàa ta sí i, ó ní, 'Ìyàwó, má bẹ̀rù, tẹ̀ ẹ́ dáadáa, tìẹ náà ni.' Ṣé ẹ̀yin kọ́ ni?"