Títí Kóòtù Yóò Fi Dìde

"Ìjókòó ni ìyà rẹ, Ọ̀gbẹ́ni Kọmíṣọ́nà," ni Adájọ́ wí. "Jókòó síbẹ̀ títí kóòtù yóò fi dìde. Bí o bá yọ ẹsẹ̀ kan síta, ẹ̀wọ̀n ni."

Virupaksha, Kọmíṣọ́nà tó ń bójú tó ìlú, tẹrí ba kí wọ́n má baà rí ẹ̀rín ẹnu rẹ̀. Ìjókòó! Kí ló tún ń ṣe ní ọ́fíìsì láti ogún ọdún?

Ilé ìgbọ̀nsẹ̀ àwọn obìnrin ló dá gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Ó ti kọ́ ọ tán sí ibùdókọ̀ Hosakere, ó kùn ún lọ́dà, ó sì tì í pa, nítorí mínísítà kò tíì ráyè wá gé rìbọ́ọ̀nù. Ọdún kejì rèé. Ilé ẹjọ́ pàṣẹ títí pé kí ó ṣí i, èsì kan náà ló ń fún wọn: "A ń gbé ọ̀rọ̀ náà yẹ̀ wò." Kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ wà nínú àpò ṣòkòtò rẹ̀ báyìí. Ó mú un wá kí Adájọ́ lè rí i pé kò sọnù.

Neelavva, ìyá tó ń ta òdòdó ní ibùdókọ̀ náà, tó sì pè é lẹ́jọ́, jókòó tì í lórí bẹ́ǹṣì. Lọ́yà rẹ̀ na ìgò omi sí i.

"Rárá, lọ́yà. Ó di ilé," ni ìyá náà wí.

Kò pẹ́ tí majjige, wàrà kíkan olómi tí ìyàwó Virupaksha rọ fún un nítorí ooru, fi bẹ̀rẹ̀ sí í bá a sọ̀rọ̀ nísàlẹ̀ ikùn. Ó ká ẹsẹ̀ kan lé èkejì. Kọ́kọ́rọ́ ń gún un. Ẹjọ́ odò ni wọ́n sì ń rò níwájú: bí omi ṣe ya wọ oko, bí omi ṣe ń ṣàn, bí omi ṣe kọ̀ tí kò dá. Kí odidi Kọmíṣọ́nà nawọ́ sókè láàárín àwùjọ, kí ó ní kí ni?

"Ọ̀gá, ẹ̀ ń jó lórí ìjókòó," ni Neelavva sọ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́.

"Kò sí nǹkan."

"Ẹ fara dà á. Ẹ máa gbé ọ̀rọ̀ náà yẹ̀ wò."

Òógùn bò ó. "Amma, ìyá mi, báwo lẹ̀yin ṣe ń ṣe é?"

"Àwa? A kì í mu omi. Ó di ìgbà tí bọ́ọ̀sì ìkẹyìn bá lọ. Ìyàwó ọmọ mi dákú sínú oòrùn lóṣù tó kọjá."

Ojoojúmọ́ ni Virupaksha ń gba ibùdókọ̀ náà kọjá. Kò rántí pé òun rí ife lẹ́nu ọ̀kan nínú àwọn obìnrin tó ń tajà níbẹ̀ rí. Ohun tó ń ṣe Abóyadé, gbogbo ọlọ́ya ní í ṣe. Àmọ́ òun ti rò pé òun kì í ṣe ọlọ́ya.

Bí Adájọ́ ṣe dìde báyìí, Virupaksha fò jáde bí ọta ìbọn. Nígbà tó padà, ojú rẹ̀ ti rọ̀. Ó fa kọ́kọ́rọ́ náà yọ, ó nà án sí Neelavva.

"Ẹ lọ ṣí i."

"Mínísítà ńkọ́?"

"Ẹ ò ní àlùmọ́gàjí tí ẹ fi ń gé òwú òdòdó ni?"

Neelavva yí kọ́kọ́rọ́ náà síwá sẹ́yìn lọ́wọ́. Ó wo ojú Kọmíṣọ́nà pẹ́. Lẹ́yìn náà ó yíjú sí lọ́yà rẹ̀, ó gba ìgò omi, ó gbé e sẹ́nu, kò sì gbé e kalẹ̀ títí ó fi gbẹ.

Virupaksha dúró, ó ń wo ọ̀fun rẹ̀ bí ẹni tí kò rí ènìyàn tó ń mu omi rí.